Akin Tí Ó Dọ̀bálẹ̀: Èsì sí Lẹ́tà Tí Ó Bẹnu Àtẹ́ Lu Fíìmù Tamil

Sí Olóòtú,

Mo kí ẹ̀yin àti gbogbo òṣìṣẹ́ yín kú iṣẹ́ ọpọlọ. Lẹ́tà tí òǹkàwé kan kọ sí ojú ìwé yìí láìpẹ́ ni ó mú mi gbé kálàmù. Ó ní àwọn fíìmù ìjà tí ó ń ti ìpínlẹ̀ Tamil Nadu ní orílẹ̀-èdè Íńdíà wá kò ní láárí, pé ẹ̀jẹ̀ àti ariwo ni wọ́n kún fún bámúbámú, àti pé ẹni tí wọ́n ń pè ní akin nínú wọn kò ju ọkùnrin kan tí ó ń lu ogún ènìyàn bolẹ̀ láìlàágùn lọ. N kò ní sọ pé irọ́ ni ó pa. Irú fíìmù bẹ́ẹ̀ pọ̀ jáǹtìrẹrẹ, mo sì ti jókòó wo ọ̀pọ̀ nínú wọn dé òpin láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni fi ipá mú mi. Ṣùgbọ́n nígbà tí ó dárúkọ fíìmù Asuran mọ́ wọn, ó di dandan kí n dá a lóhùn, nítorí pé irú akin bẹ́ẹ̀ gan-an ni fíìmù yẹn pè sí àgbàlá ìjíhìn.

Àtúnṣe kékeré kan kọ́kọ́ wà. Fíìmù Bollywood kọ́ ni, gẹ́gẹ́ bí ó ṣe pè é. Èdè Hindi ni wọ́n ń sọ ní Bollywood, Mumbai sì ni ibùjókòó rẹ̀. Asuran jẹ́ ti Kollywood, èyíinì ni agbo sinimá èdè Tamil tí ó fìdí kalẹ̀ sí àdúgbò Kodambakkam ní ìlú Chennai. Vetrimaaran ni olùdarí rẹ̀, Dhanush ni olórí òṣèré inú rẹ̀, ó sì dé ilé sinimá ní ọjọ́ 4, oṣù Kẹwàá, ọdún 2019. Inú ìwé ìtàn àròsọ kan tí Poomani kọ, tí ó jáde ní 1982, ni wọ́n ti fa ìtàn náà yọ. Níbi àmì-ẹ̀yẹ fíìmù orílẹ̀-èdè Íńdíà, irú rẹ̀ kẹtàdínláàádọ́rin, òun ni ó gba ti fíìmù Tamil tí ó dára jù lọ, Dhanush sì pín ti òṣèrékùnrin tí ó mọṣẹ́ jù lọ pẹ̀lú Manoj Bajpayee. Àmì-ẹ̀yẹ kì í ṣe ẹ̀rí tí ó tó, mo mọ̀, nítorí náà inú fíìmù náà fúnra rẹ̀ ni n ó ti mú ẹ̀rí wá.

Ẹni tí yóò bá lóye ohun tí Vetrimaaran ṣe ní láti kọ́kọ́ mọ ohun tí akin jẹ́ lójú òǹwòran Tamil. Ní Tamil Nadu, ọ̀rọ̀ akin orí sinimá ti kọjá eré. M. G. Ramachandran, òṣèré tí tọmọdé tàgbà mọ̀ sí MGR, fi ọ̀pọ̀ ọdún ṣe apẹja nínú fíìmù, ó ṣe àgbẹ̀, ó ṣe ẹni tí ó ń fi kẹ̀kẹ́ kérò; kì í mu ọtí, kì í sì í fa sìgá nínú fíìmù; ẹni tí ó bá sì rẹ́ mẹ̀kúnnù jẹ, ẹ̀ṣẹ́ ni ó fi ń bá a wí. Àwọn mẹ̀kúnnù gbà á gbọ́ débi pé wọ́n dìbò fún un, ó di olórí ìjọba ìpínlẹ̀ náà ní 1977, bí a bá sì yọ oṣù díẹ̀ kan kúrò ní 1980, orí àga yẹn ni ó wà títí ikú fi mú un lọ ní oṣù Kejìlá ọdún 1987. Jayalalithaa, tí òun pẹ̀lú rẹ̀ jọ ń ṣeré tẹ́lẹ̀, náà gun orí àga yìí lẹ́yìn rẹ̀. Títí di òní, bí fíìmù òṣèré tí òkìkí rẹ̀ kàn bá fẹ́ bẹ̀rẹ̀, àwọn olólùfẹ́ rẹ̀ a máa da mílíìkì sórí àwòrán gàgàrà rẹ̀ tí wọ́n gbé dúró síwájú ilé sinimá, gẹ́gẹ́ bí wọ́n ṣe ń dà á sórí ère nínú tẹ́ńpìlì. Nínú irú ètò báyìí, akin ni ẹni tí ó ti òkè sọ̀ kalẹ̀ wá gbani, iṣẹ́ àwọn tí ìyà ń jẹ kò sì ju pé kí wọ́n dúró dè é, kí wọ́n sì pàtẹ́wọ́ nígbà tí ó bá dé.

Sivasaamy, tí Dhanush ṣe nínú Asuran, kò ti òkè kankan wá. Àgbẹ̀ ni ní abúlé kan ní gúúsù Tamil Nadu, ó sì jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn Dalit, àwọn tí ètò káàsì, èyí tí ó ń pín ènìyàn sí ipò láti inú ìdílé tí a bí wọn sí, tì sí ìsàlẹ̀ pátápátá, tí àwọn tí wọ́n ka ara wọn sí ará òkè sì gbà pé bí ara bá kan ara wọn, àwọn ti di aláìmọ́. Ó ní ìyàwó, Pachaiamma, tí Manju Warrier ṣe; ó ní ọmọkùnrin méjì, Murugan àti Chidambaram, àti ọmọbìnrin kékeré kan; ó sì ní éékà ilẹ̀ mẹ́ta. Ilẹ̀ yìí ni ọ̀rọ̀ wà. Narasimhan, olówó àdúgbò tí ó jẹ́ ọmọ káàsì òkè, ń fẹ́ kọ́ ilé-iṣẹ́ sìmẹ́ńtì, ó sì ti ra ilẹ̀ yíká. Èyí tí kò rí rà ni ti Sivasaamy. Ìjà náà bẹ̀rẹ̀ láti orí omi, nígbà tí àwọn ènìyàn Narasimhan ń fi ẹ̀rọ fa omi tí kì í ṣe tiwọn, tí Pachaiamma sì yarí mọ́ wọn lọ́wọ́. Kò pẹ́ tí Murugan, ọmọ àgbà, fi bá wọn wọ̀yá ìjà, tí àwọn ọlọ́pàá sì gbé e lọ.

Ibi tí ó tẹ̀ lé e yìí ni mo fẹ́ kí ẹni tí ó kọ lẹ́tà yẹn padà lọ wò. Wọ́n sọ fún Sivasaamy pé bí ó bá fẹ́ kí ọmọ rẹ̀ jáde, kí ó lọ dọ̀bálẹ̀ lẹ́sẹ̀ gbogbo ọkùnrin abúlé àwọn ọ̀tá rẹ̀, lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó sì lọ. Ọkùnrin tí irun rẹ̀ ti ń funfun, tí èjìká rẹ̀ ti tẹ̀, ń ti ojú ọ̀nà kan bọ́ sí òmíràn, ó ń na gbogbo ara rẹ̀ sílẹ̀ níwájú àwọn tí ó lè bí lọ́mọ, ó ń dìde, ó ń gbọn erùpẹ̀ nù, ó sì tún ń dọ̀bálẹ̀. Àwọn kan ń wò ó bí ẹni pé ohun tí ó tọ́ sí wọn ni. Ọmọ ọdún 36 ni Dhanush nígbà tí fíìmù náà jáde, ṣùgbọ́n nínú ìran yìí, eegun ẹ̀yìn rẹ̀ nìkan ti tó láti fi hàn pé arúgbó tí ayé ti lù ni à ń wò. Nínú fíìmù àtijọ́, ibí yìí gan-an ni orin ìbá ti yí padà, tí akin ìbá ti dìde tí yóò sì fọ́n gbogbo wọn ká. Orin kò yí padà. Sivasaamy dọ̀bálẹ̀ tán, ó sì mú ọmọ rẹ̀ lọ sílé.

Chidambaram, ọmọ kejì, ka bàbá rẹ̀ sí ojo. Àwa òǹwòran náà kà á sí ojo, ẹ má jẹ́ kí a tan ara wa. Vetrimaaran mọ̀ pé ohun tí a ó rò nìyẹn, ó sì jẹ́ kí a rò ó fún ìgbà pípẹ́.

Nínú fíìmù ìjà tí ó wọ́pọ̀, ẹ̀ṣẹ́ kì í lówó lórí. Akin yóò lu ọ̀tá rẹ̀ tán, yóò tún aṣọ ara rẹ̀ ṣe, wọn yóò sì gbé e lọ sí ibi tí ijó ti fẹ́ bẹ̀rẹ̀. Nínú Asuran, kò sí ẹ̀ṣẹ́ kan tí ẹbí náà jù tí wọn kò san gbèsè rẹ̀ pẹ̀lú èlé. Nígbà tí Murugan gbọ́ ohun tí ojú bàbá rẹ̀ rí nítorí rẹ̀, kò lè pa á mọ́ra, ó fi sálúbàtà na Narasimhan. Mo mọ ohun tí ó ṣe ọmọ náà, ó dùn mọ́ mi nígbà tí mo ń wò ó. Èrè rẹ̀ ni pé wọ́n pa á, òkú rẹ̀ ni a sì rí láìsí orí. Ìbànújẹ́ fẹ́rẹ̀ẹ́ yí ìyá rẹ̀ lórí. Chidambaram, ọmọ tí kò tíì pé ogún ọdún, bá lọ pa Narasimhan, ẹbí náà sì tú ká ní òru ọjọ́ yẹn: bàbá àti ọmọkùnrin gba inú igbó lọ, ìyá àti ọmọbìnrin gba ọ̀nà mìíràn. Ilẹ̀ tí wọ́n ń jà lé lórí wà níbẹ̀, kò sí ẹni tí yóò ro ó mọ́.

Ó dára, ìjà tí òǹkọ̀wé yẹn ń sọ wà níbẹ̀ lóòótọ́. Nígbà tí ọwọ́ àwọn ọ̀tá tẹ Chidambaram, tí wọ́n sì fẹ́ gbẹ̀mí rẹ̀, ni bàbá tí à ń pè ní ojo yọ sí wọn pẹ̀lú ọ̀kọ̀. Mo gbọ́ pé àwọn ilé sinimá mì tìtì níbi yìí, kò sì yà mí lẹ́nu, nítorí èmi tí mo dá jókòó nínú yàrá mi pàápàá pariwo. G. V. Prakash Kumar, tí ó ṣe orin rẹ̀, kò fi ohun kan sílẹ̀. Àmọ́ ẹ wo ohun tí ó tẹ̀ lé e. Dípò kí fíìmù náà gbé akin tuntun yìí ka orí ẹṣin, ńṣe ni ó dá wa padà sí ìgbà èwe rẹ̀, kí a lè mọ ibi tí ó ti kọ́ bí a ṣe ń di ọ̀kọ̀ mú, àti ìdí tí ó fi gbé e sílẹ̀ láti ọjọ́ yìí wá.

Sivasaamy ìgbà yẹn kò bẹ̀rù ẹnikẹ́ni. Ọ̀dọ̀ ọ̀gá kan tí ó ń pọn ọtí líle, Viswanathan, ni ó ti ń ṣiṣẹ́, ọ̀gá náà sì fọkàn tán an. Ó ní ọmọbìnrin kan tí ó fẹ́ fi ṣe aya, Mariamma, ó sì fún un ní sálúbàtà kí ẹsẹ̀ rẹ̀ má bàa máa jóná lórí ilẹ̀ gbígbóná. Gbogbo ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀ kò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Pandiyan, ọmọ káàsì òkè, rí i pé Mariamma, ọmọ Dalit, wọ bàtà kọjá níwájú òun. Ó lù ú, ó sì ní kí ó bọ́ sálúbàtà náà, kí ó gbé e ka orí, kí ó sì máa rìn lọ lójú gbogbo ènìyàn. Mo ti wo ọ̀pọ̀ ìpànìyàn nínú fíìmù láìṣẹ́jú, ṣùgbọ́n ọmọbìnrin yẹn tí ó ń rìn lọ pẹ̀lú bàtà lórí ni mo gbé ojú kúrò lára rẹ̀. Ẹ má rò pé àsọdùn òǹkọ̀wé fíìmù ni. Ní ọ̀pọ̀ abúlé Tamil Nadu, wọ́n kì í jẹ́ kí àwọn Dalit wọ bàtà gba òpópónà àwọn káàsì òkè kọjá, ife tí wọ́n fi ń bu tíì fún wọn ní ìsọ̀ sì yàtọ̀ sí ti àwọn yòókù. Òfin orílẹ̀-èdè Íńdíà tí B. R. Ambedkar ṣe alága ìgbìmọ̀ tí ó kọ ọ́, tí ó sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1950, ti fòpin sí àṣà ká-má-fara-kan-ni yìí ní abala 17 rẹ̀. Òfin ti wà nínú ìwé tipẹ́tipẹ́, sálúbàtà sì ṣì wà lórí Mariamma.

Sivasaamy na Pandiyan fún ìwà yìí. Ìgbà kan náà ni àwọn Dalit abúlé rẹ̀, pẹ̀lú ìrànlọ́wọ́ agbẹjọ́rò kan tí Prakash Raj ṣe, ń kó ara wọn jọ láti gba ilẹ̀ Panchami wọn padà. Ọ̀rọ̀ ilẹ̀ yìí kì í ṣe àlọ́. Ní 1892, lẹ́yìn tí J. H. A. Tremenheere, òṣìṣẹ́ ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní agbègbè Chingleput, ti kọ ìròyìn nípa ìyà tí ó ń jẹ àwọn ènìyàn wọ̀nyí, ìjọba Madras, agbègbè tí Tamil Nadu wà nínú rẹ̀ nígbà náà, pàṣẹ kí wọ́n ya ilẹ̀ sọ́tọ̀ fún wọn. Iye tí wọ́n sábà máa ń dá ni 1,200,000 éékà. Àwọn tí wọ́n fún kò gbọ́dọ̀ tà á fún ọdún 10 àkọ́kọ́. Lẹ́yìn ìyẹn, ọmọ ẹgbẹ́ wọn nìkan ni wọ́n lè tà á fún. Pẹ̀lú gbogbo ìkìlọ̀ yìí, ọ̀pọ̀ nínú ilẹ̀ náà ti bọ́ sọ́wọ́ àwọn ẹlòmíràn. Nínú fíìmù náà, ìdáhùn àwọn onílẹ̀ sí ìpàdé àwọn Dalit ni iná. Wọ́n dáná sun ahéré wọn lóru pẹ̀lú àwọn tí ó wà nínú rẹ̀, Mariamma sì bá iná náà lọ. Ẹni tí ó bá mọ ìtàn Tamil Nadu yóò rántí Kilvenmani lójú ẹsẹ̀, níbi tí wọ́n ti dáná sun ènìyàn 44, tí ọ̀pọ̀ jù lọ nínú wọn jẹ́ obìnrin àti ọmọdé, nínú ahéré kan ní ọjọ́ 25, oṣù Kejìlá, ọdún 1968, nígbà tí àwọn alágbàṣe oko ń bèèrè fún ẹ̀kúnwó iṣẹ́. Kóòtù kékeré dá àwọn onílẹ̀ lẹ́bi. Ilé-ẹjọ́ gíga Madras tú wọn sílẹ̀.

Sivasaamy pa àwọn tí ó ṣe iṣẹ́ ibi náà. Ó gbẹ̀san tán pátápátá, gẹ́gẹ́ bí akin. Kò sì sí ẹni tí ó jíǹde.

Ìgbà yìí ni ìran ìdọ̀bálẹ̀ yẹn tó yé wa. Kì í ṣe pé ọkùnrin náà kò lè jà. Ó ti jà rí, ó ti borí rí, ó sì mọ iye tí ìborí náà ná òun. Chidambaram ń bá bàbá rẹ̀ sọ̀rọ̀ bí ẹni pé ó jẹ́ aláìmọ̀kan, bẹ́ẹ̀ sì ni kò sí ohun tí ọmọ náà ń ṣe tí bàbá kò tíì ṣe ṣáájú rẹ̀, tí kò sì tíì jẹ ìyà rẹ̀. Akin tí a dà mílíìkì lé lórí ń fi ara rẹ̀ hàn kí wọ́n lè yìn ín. Sivasaamy gba ẹ̀tẹ́ mọ́ra lójú gbogbo ayé kí ọmọ rẹ̀ lè wà láàyè, kò sì ṣàlàyé fún ẹnikẹ́ni. Bí òǹkọ̀wé yẹn bá ní kò sí ẹ̀kọ́ ìgbésí ayé nínú irú akin báyìí, mo fẹ́ mọ ibi tí ó ti ń wá a.

N kò sọ pé fíìmù náà kò ní àléébù. Ohun tí ó kọ́kọ́ ń dà mí láàmú ni pé ó fẹ́ jẹun lẹ́nu méjèèjì: ó ń sọ fún wa pé ẹ̀jẹ̀ kò tán ọ̀ràn, ó sì ń ya ẹ̀jẹ̀ náà ní ìyàwòrán tí ń rìn jẹ́jẹ́, pẹ̀lú ìlù, kí ojú wa lè gbádùn rẹ̀ dáadáa. Ọ̀dọ́ tí kò bá dúró gbọ́ ọ̀rọ̀ ìkẹyìn lè gbé ọ̀kọ̀ nìkan lọ sílé, mo gbà bẹ́ẹ̀. Ọ̀rọ̀ ìkẹyìn yẹn náà, nígbà tí Sivasaamy ń lọ jọ̀wọ́ ara rẹ̀ fún kóòtù, tí ó ń sọ fún ọmọ rẹ̀ pé bí a bá ní ilẹ̀ wọn yóò gbà á, bí a bá ní owó wọn yóò já a gbà, ṣùgbọ́n wọn kò lè gba ẹ̀kọ́ lọ́wọ́ ẹni, dára púpọ̀, àmọ́ ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jọ ìwàásù. Ohun tí ó gbà á là lójú mi ni gbólóhùn tí ó fi kún un, pé nígbà tí ọmọ náà bá dé ipò agbára, kí ó má ṣe ṣe fún ẹlòmíràn ohun tí wọ́n ṣe fún wọn. Bàbá kan tí ó ń lọ sẹ́wọ̀n nítorí ọmọ rẹ̀ ni ó ń sọ èyí, kì í ṣe olóṣèlú.

Àwọn olóṣèlú sì sọ tiwọn náà. Ní oṣù tí fíìmù náà jáde, M. K. Stalin, olórí ẹgbẹ́ DMK tí ó wà ní ìhà alátakò nígbà náà, wò ó, ó sì yìn ín ní gbangba nítorí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ Panchami. S. Ramadoss, olùdásílẹ̀ ẹgbẹ́ PMK, dá a lóhùn pé orí ilẹ̀ Panchami ni ọ́fíìsì Murasoli, ìwé ìròyìn ẹgbẹ́ DMK, wà. Stalin ní irọ́ ni, ó sì gbé ìwé ilẹ̀ jáde láti fi gbe ara rẹ̀ lẹ́sẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà gbóná fún ọ̀pọ̀ ọ̀sẹ̀. Fíìmù mélòó, nínú àwọn tí a ń sọ pé ó ní láárí, ni ó lè mú kí àwọn aṣíwájú ẹgbẹ́ òṣèlú máa gbé ìwé ilẹ̀ han ara wọn?

Àléébù kejì ni ó dùn mí jù, n kò sì rí ẹni tí ó sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀ tó bí ó ṣe yẹ. Mariamma fẹ́rẹ̀ẹ́ má ní iṣẹ́ mìíràn nínú ìtàn náà ju pé kí wọ́n dójú tì í, kí ó sì kú, kí ìbínú Sivasaamy lè ní ìdí. Pachaiamma sàn jù ú lọ. Òun ni ó kọ́kọ́ kọ̀ fún àwọn tí ó ń fa omi, nígbà tí ọkọ rẹ̀ ṣì ń wá bí ọ̀rọ̀ yóò ṣe rọ̀. Òun ni ó rí òkú ọmọ rẹ̀ tí kò ní orí. Òun ni ó sì mú ọmọbìnrin kékeré náà la òru yẹn já láìsí ọ̀kọ̀ lọ́wọ́. Manju Warrier ṣe é dé ojú àmì. Síbẹ̀, nígbà tí fíìmù náà tú ẹbí ká, igbó tí bàbá àti ọmọkùnrin gbà ni ó tẹ̀ lé, ojú ọ̀nà obìnrin náà sì di ohun tí à ń gbọ́ ní ṣókí. Akin méjì ni ó wà nínú ilé yẹn, ọ̀kan péré ni wọ́n fún ní ìtàn.

Mo rọ ẹni tí ó kọ lẹ́tà náà pé kí ó tún fíìmù yìí wò ní èdè Tamil tí wọ́n fi ṣe é, kí ó máa ka ìtumọ̀ tí ó wà ní ìsàlẹ̀ àwòrán, kí ó má wo èyí tí wọ́n ti fi ohùn ẹlòmíràn bo ohùn àwọn òṣèré, nítorí bí ohùn Sivasaamy ṣe ń rẹlẹ̀ nígbà tí ó bá ń bẹ̀bẹ̀ kò ṣeé yá lọ́wọ́ ẹlòmíràn. Bí ó bá wò ó tán tí ó ṣì ní ẹ̀jẹ̀ àti ariwo nìkan ni òun rí, kí ó jọ̀wọ́ kọ ọ́ sí yín, èmi yóò kà á.

Èmi ni tiyín ní tòótọ́,
Òǹkàwé ìwé ìròyìn yín